Agogo Tí Mo Fà

Ojúlé Kẹrìnlá, Òpópónà Sawpit,
Towcester.
Ọjọ́ Ìṣẹ́gun tó kẹ́yìn nínú oṣù Kẹsàn-án.

Imogen, ọmọ mi ọ̀wọ́n,

Mo kí ọ tìfẹ́tìfẹ́. Mo lérò pé ara rẹ le, pé o ń jẹun, pé o sì ń rí oorun sùn nínú ilé rẹ tó dá páropáro yẹn. Ní tiwa níbí, orúnkún ìyá rẹ ti ń gbádùn díẹ̀díẹ̀, ó ti ń gun àtẹ̀gùn láìdi nǹkan kan mú. Bramble, ajá rẹ, ṣì ń lọ jókòó sẹ́nu ọ̀nà ní gbogbo ọjọ́ Ìsinmi, láti aago mọ́kànlá títí a ó fi palẹ̀ oúnjẹ mọ́. Kò sí bí a ṣe lè ṣàlàyé fún un pé àwọn Pardoe, ilé iṣẹ́ rẹ, ti ní kí o má ṣe fojú kan èmi bàbá rẹ títí wọn ó fi gbọ́ ẹjọ́ rẹ ní Ọjọ́bọ̀.

Ìyá rẹ ló máa mú lẹ́tà yìí wá, torí wọn kò ka òun léèwọ̀ fún ọ. Mo bẹ̀ ọ́, má fà á ya kí o tó kà á dé òpin. Tí o bá ti kà á tán, o lè fi dáná.

N kò ní fi ọ̀rọ̀ pamọ́ sábẹ́ ahọ́n. Ẹni tí Pardoe ń wá, ẹni tó gbé àṣírí táńkì ọ́ìlì ọkọ̀ ìje yín fún Wexcombe, ilé iṣẹ́ tèmi, èmi ni. Èmi Roland Tebbutt tí mo bí ọ. Bí wọ́n bá lé ọ lẹ́nu iṣẹ́ ní Ọjọ́bọ̀, tí orúkọ rẹ bàjẹ́ débi pé kò sí ẹgbẹ́ ọkọ̀ ìje kan tó máa gbà ọ́ síṣẹ́ mọ́, ẹnu mi ló fà á. Àwọn àgbà ní ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ní í kó ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Ẹnu tèmi ló sọ̀rọ̀, ẹ̀rẹ̀kẹ́ tìrẹ ni wọ́n gbá.

O máa béèrè ìdí. Owú ni. Mo ti wá orúkọ mìíràn tó dùn ún gbọ́ ju ìyẹn lọ fún un, n kò rí.

Nígbà tí o wà lọ́mọ ọdún mẹ́sàn-án, o máa ń jókòó lórí àpótí nínú gáréèjì wa, wàá ti na sípánà sí mi kí n tó béèrè, èyí tí mo fẹ́ gan-an ni yóò sì jẹ́. Gbogbo ìbéèrè rẹ, ọ̀dọ̀ mi ló ń wá. Ọkàn mi ti balẹ̀ pé tí o bá jáde ní yunifásítì, ọ̀dọ̀ wa ní Wexcombe lo máa wá, kí a jọ máa jẹun ọ̀sán lórí bẹ́ǹṣì kan náà. Ilé iṣẹ́ tó ń ṣe ẹ́ńjìnnì, tó tún ní ọkọ̀ ìje tirẹ̀, kí lèèyàn tún ń wá? Pardoe lo yàn, Pardoe tó ń ra ẹ́ńjìnnì lọ́wọ́ wa, tó ń kan ọkọ̀ nínú ilé tí wọ́n ti ń sin adìẹ tẹ́lẹ̀. O ní, “Dádì, ibẹ̀ ni wọ́n á ti jẹ́ kí n fọwọ́ kan nǹkan.” Mo ní ó dáa. Mo lọ jókòó sínú ọkọ̀ mi fún ìdajì wákàtí.

Nǹkan kan wà tí n kò sọ fún ọ. O mọ ìlà pupa tí wọ́n kùn sílẹ̀ láti iwájú dé ẹ̀yìn ilé iṣẹ́ wa. Àwọn tó ń to ẹ́ńjìnnì fún ọkọ̀ Wexcombe fúnra wọn wà lápá òsì, àwa tí à ń tò ó fún oníbàárà wà lápá ọ̀tún, gbogbo wa la sì ti tọwọ́ bọ̀wé pé ohun tí a bá mọ̀ nípa ọkọ̀ oníbàárà kò gbọ́dọ̀ kọjá ìlà náà. Ọdún mẹ́rìnlélógún ni mo fi wà lápá òsì. Mo sọ fún ọ pé wọ́n gbé mi kúrò níbẹ̀ ni. Irọ́ ni. Èmi ni mo lọ bẹ̀ wọ́n, ní ọ̀sẹ̀ tí o bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Pardoe. Mo fẹ́ kí ẹ́ńjìnnì tí ọwọ́ mi tò wà nínú ọkọ̀ tí ọwọ́ rẹ kàn. Mo fẹ́ kí o máa rí R.T. lára àwo bàbà kékeré tí à ń kàn mọ́ ọn, kí o máa rántí mi.

Mo fi agogo sílẹ̀ nítorí rẹ. Ẹni tí kò bá bá wa ṣiṣẹ́ kò lè mọ ohun tí ìyẹn jẹ́. Agogo ṣọ́ọ̀ṣì àtijọ́ yẹn kì í dún àfi ní àárọ̀ ọjọ́ Ajé tí ọkọ̀ Wexcombe bá borí, ẹni tó sì to ẹ́ńjìnnì rẹ̀ ló máa ń fa okùn. Oníbàárà ìbáà borí nígbà ogún, a kì í fà á. Ọmọ ẹni kò ní ṣèdí bẹ̀bẹ̀rẹ̀ ká fi ìlẹ̀kẹ̀ sídìí ọmọ ẹlòmíràn, bí wọ́n ṣe máa ń dáhùn nìyẹn tí a bá béèrè.

Lẹ́yìn náà ni Joost dé. Láti ọdún kìíní rẹ ní Pardoe ni mo ti ń gbọ́ orúkọ ọ̀gá rẹ, ará Netherlands tó ga bí òpó iná yìí. Tí ìyá rẹ bá ní kí o fi iyọ̀ sí nǹkan, Joost ní iyọ̀ kò dáa. Tí òjò bá ṣú, Joost ní kò ní rọ̀. Lọ́jọ́ Ìsinmi kan, mo ń yọ ẹ̀wà tútù kan sí etí àwo mi nígbàkigbà tí o bá ti ní “Joost ní”. Nígbà tí a jẹun tán, mo kà á, ó jẹ́ mọ́kàndínlógún. Ìyá rẹ rò pé ẹ̀wà náà kò jinná ni.

Irin ìwọ̀n tí mo fún ọ nígbà tí o pé ọmọ ọdún méjìdínlógún, èyí tí bàbá mi fi lé mi lọ́wọ́, mo rí i nínú àpótí ìbọ̀sẹ̀ ní yàrá rẹ. O ní Joost ti fún ọ ní òmíràn tó ń fi nọ́ńbà hàn fúnra rẹ̀. “Dádì, tiyín máa ń pẹ́, èyí yá.” Mo tún ní ó dáa. Kò dáa, Imogen. Inú bí mi débi pé mo fọ ọkọ̀ tí mo ti fọ̀ ní àárọ̀.

Ìgbà tí ẹ borí ní Austria ní oṣù Keje ló wá bà á jẹ́ pátápátá. Ẹ́ńjìnnì mi ló wà nínú ọkọ̀ náà. Mo mọ ohùn rẹ̀ láàárín ogún ẹ́ńjìnnì bí mo ṣe mọ ohùn ìyá rẹ nínú ọjà. Nígbà tí ọkọ̀ yín kọjá ìlà ìparí, mo ti dìde dúró, omi ti wà lójú mi, àfi bí wọ́n ṣe gbé kámẹ́rà sí yín. Mo rí ọ tí o fò mọ́ Joost lọ́rùn, tí o ń pariwo sí i létí, tó gbé ọ yípo bí ọmọ ọwọ́. Mo pa tẹlifíṣọ̀n.

Ìyá rẹ ní, “Roland, ọmọ ẹ ló borí, o wá pa á?” Mo ní ojú ló ń ro mí. Ó ní, “Ojú kọ́ ló ń ro ẹ́. Owú lò ń jẹ.” Mo ní owú kẹ̀, ṣé ìyàwó mi ni Joost gbà ni? Ó ní, “Kó tiẹ̀ wá gbà mí, bóyá òun á máa bá mi fọ abọ́.”

Lọ́jọ́ Ajé, agogo kò dún. Alistair Frayne tó jẹ́ olórí àwọn ti apá òsì, tí mo kọ́ bí wọ́n ṣe ń di bóòtù mú nígbà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, dúró sí etí ìlà pupa, ó tẹrí ba díẹ̀ bí ẹni tó ń kí ọba. “Bàbá Roland, ẹ kú oríire o. Ọmọ ọlọ́mọ lẹ wẹ̀, ẹ tún wẹ̀ ẹ́ mọ́ ju tiwa lọ. Ẹ má wulẹ̀ wo agogo, okùn ẹ̀ ò gùn dé apá ọ̀tún.” Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín.

Ọjọ́ Ìsinmi tó tẹ̀ lé e lo wá jẹun. Mo mọ̀ pé o rántí. Ìyá rẹ yan ẹran màlúù, o sì fẹ́ fi bí ẹ ṣe borí hàn mí. O fa abọ́ ọbẹ̀ ẹran mọ́ra, o tẹ̀ ẹ́ sí ẹ̀gbẹ́, ọbẹ̀ dà sórí aṣọ tábìlì, ìyá rẹ ké. O ní, “Dádì, bí ọ́ìlì ṣe ń ṣe nìyẹn tí ọkọ̀ bá ń já kọ́nà. Á sá sí ẹ̀gbẹ́ kan, ẹ́ńjìnnì á máa fa afẹ́fẹ́ mu. Ìdí nìyẹn tí gbogbo ayé fi ń ru ọ́ìlì àrùkún.” O wá fi èèpo búrẹ́dì lé ọbẹ̀ lórí, o tẹ̀ ẹ́, kò dà. “Ògiri ni gbogbo táńkì ní nínú. Tiwa ní pátákó kan tó ń léfòó lórí ọ́ìlì, tó ń bá a lọ sókè, tó ń bá a wálẹ̀. A ti fi lítà méjì dín ọ́ìlì kù, ọkọ̀ wa sì fúyẹ́, Dádì. Lítà méjì!” Ojú rẹ ń dán. O ní, “Ṣé ẹ mọ ibi tí nǹkan yìí ti wá?”

Mo ní, “Joost ni, àbí ta ni? Jẹ́ ká jẹun jàre, ẹran ń tutù.”

O wò mí. O ṣe bí ẹni tó fẹ́ sọ̀rọ̀, o sì fi fọ́ọ̀kì gún pòtétò. Ọjọ́ yẹn ń yọ mí lẹ́nu ju gbogbo èyí tó kù lọ, torí ká ní mo fún ọ ní ìṣẹ́jú kan péré láti parí ọ̀rọ̀ rẹ, kì bá má sí lẹ́tà yìí.

O mọ ìkòkò tíì wa, tó wà lórí ìlà pupa gan-an kí apá méjèèjì lè máa mu ún. Bọ́ọ̀lù àti òjò nìkan ni a ń sọ nídìí rẹ̀, bí àwọn ọ̀gá wa ṣe kọ́ wa nìyẹn. Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, Frayne ń po ṣúgà, ó ní, “Ará Netherlands yẹn mà gbọ́n o. Wọ́n ní òun ló ronú ohun tó gbé wọn borí. Wọ́n tún ní ọmọ yín ti sọ ọ́ di bàbá, pé kì í dárúkọ ẹlòmíì mọ́.” Ọ̀rọ̀ yẹn gún mi níbi tó ń ro mí tẹ́lẹ̀. Mo ní, “Ọgbọ́n kí ni? Pátákó lásán ló jù sórí ọ́ìlì!”

Wò ó, mo fẹ́ bu Joost kù ni. Mo fẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé kò ṣe ohun kan tó ju ohun tí ọmọdé lè ṣe lọ. Frayne gbé ife rẹ̀ sílẹ̀ jẹ́jẹ́. Ó ní, “Pátákó báwo?” Níbẹ̀ yẹn, mo ṣì lè ní mo ń ṣàwàdà ni. Mo ya á fún un lẹ́yìn ìwé iṣẹ́, pẹ̀lú pẹ́ńsùlù tó wà létí mi. Ẹyin lohùn, bó bá bọ́, fífọ́ ló ń fọ́. Fún ọjọ́ mẹ́ta gbáko, inú mi dùn bí mo ṣe ń ronú ojú tí Joost máa ṣe tó bá rí nǹkan rẹ̀ nínú ọkọ̀ wa. Ìwọ kò wá sí mi lọ́kàn rárá. Owú kì í jẹ́ kéèyàn rí ju ojú ẹnì kan ṣoṣo lọ.

Ọkọ̀ Wexcombe borí ní Italy nínú oṣù yìí. Lọ́jọ́ Ajé, gbogbo ilé iṣẹ́ kó jọ sábẹ́ agogo, Frayne sì kọjá ìlà wá fà mí lọ́wọ́. Ó sọ̀rọ̀ sókè kí gbogbo èèyàn lè gbọ́, pé, “Bàbá Roland, okùn ti gùn dé apá ọ̀tún lónìí. Ẹ wá fà á.” Àwọn èèyàn rò pé ó ń fi ọjọ́ pípẹ́ mi níṣẹ́ bọlá fún mi ni. Àwa méjèèjì nìkan la mọ ìdí rẹ̀. Mo fà á, Imogen. Mo fà á nígbà mẹ́ta. Wọ́n pàtẹ́wọ́, mo sì yọ̀, n kò ní purọ́ fún ọ. Mo ti ń wo okùn yẹn lọ́wọ́ ẹlòmíràn fún ọdún mẹ́fà.

Kò tíì tó wákàtí kan lẹ́yìn rẹ̀ tí ìyá rẹ fi pè mí. Ẹnìkan ní Pardoe ti rí ẹ̀yìn ọkọ̀ wa nígbà tí wọ́n tú u ní Italy, ó rí pátákó náà nínú táńkì wa, wọ́n sì ti ní kí o lọ jókòó sílé. Wọ́n ní o tà á fún Wexcombe kí Wexcombe lè gbà ọ́ síṣẹ́.

Ìwọ náà pè mí ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn. Mo lè ka ọ̀rọ̀ rẹ láìfi ọ̀kan sílẹ̀. “Dádì, wọ́n bi mí bóyá mo sọ fún ẹnikẹ́ni. Mo ní mo sọ fún yín, kí ló dé tí mi ò ní sọ fún yín? Mo ní ohun tó bá ti wọnú dádì mi, inú kànga ló wọ̀ yẹn. Mo ní kí wọ́n lọ wá ẹlòmíì.” O ń sunkún, síbẹ̀ o ń gbèjà mi. Kí ni mo sọ? Mo ní, “Ṣé o ti jẹun?”

Nígbà tí àwọn ọ̀gá wa wá bi mí léèrè, mo ní n kò sọ nǹkan kan fún ẹnikẹ́ni, mo sì tọwọ́ bọ̀ ọ́. Frayne kọ̀wé sí Pardoe pé àwọn tiwa ló ronú kan nǹkan náà fúnra wọn. Ìyẹn ni kò fi ku ẹlòmíràn tí wọ́n lè fura sí, àfi ìwọ. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀ nígbà tí mo ń tọwọ́ bọ̀wé. Mo sọ fún ara mi pé bó bá di Ọjọ́bọ̀, wọn ò ní rí ẹ̀rí, wọ́n á fi ọ́ sílẹ̀.

Lọ́jọ́ Ẹtì tó kọjá, Joost fúnra rẹ̀ wakọ̀ wá sí Wexcombe. Ó kó ẹ́ńjìnnì mi wá kí n tú u, torí àwa nìkan la lè já èdìdì rẹ̀. Táńkì yín sì wà lára rẹ̀, èyí tí Pardoe kò fi ránṣẹ́ sí wa rí. Mo ní kí ló dé tó gbé e wá. Ó ní, “Ẹ ṣáà ṣí i. Kò sí àṣírí kankan nínú ẹ̀ mọ́.” Mo ṣí i. Mo rí pátákó náà, mo rí àwo kékeré tí wọ́n kọ orúkọ ẹ̀yà ọkọ̀ sí. *Pátákó Rutland*, lẹ́yìn náà, *I.T.*

Mo ní, “I.T. kẹ̀? Tìẹ ńkọ́?”

Ó rẹ́rìn-ín, àmọ́ ojú rẹ̀ kò rẹ́rìn-ín. “Tèmi bíi ti báwo? Oṣù mẹ́ta ni mo fi ń sọ fún un pé kò lè ṣiṣẹ́. Ó ní á ṣiṣẹ́, pé dádì òun ló fi han òun. Bàbá Imogen, ẹ dákun, kí lẹ fún ọmọ yìí jẹ? Ọdún kẹfà rèé, dádì mi ní, dádì mi ní. Tí a bá ń di bóòtù, dádì mi ní. Tí a bá ń mu tíì, dádì mi ní. Ọjọ́ tí a borí ní Austria, ó dì mọ́ mi lọ́rùn, ó ń ké sí mi létí, ‘Pátákó dádì mi! Pátákó dádì mi!’ Etí ọ̀hún ń hó títí di Ọjọ́rú. Èmi náà bí ọmọbìnrin kan, ó wà ní Utrecht. Tí kì í bá ṣe ọjọ́ ìbí, kì í pè mí. Ẹ máa wò mí bí mo ṣe ga tó yìí, mò ń jowú yín.”

Mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ́ńjìnnì mi. Mo rántí oko bàbá mi ní Rutland. Ọmọ ọdún mẹ́fà ni ọ́, o gbé korobá mílíìkì láti ilé màlúù, ó ń dà sí bàtà rẹ, o ń sunkún. Mo fi pátákó róbótó kan lé e lórí, mo ní kí o máa lọ. O dé ilé ìdáná láìda ẹ̀kán kan. O ní, “Kí ló dé tí kò dà nù, Dádì?” Mo ní, “Torí ó ti rò pé òun ní òrùlé.” O rẹ́rìn-ín títí o fi dùbúlẹ̀.

Ọkùnrin tí mo ń bá jowú láti ọdún mẹ́fà, tí mo ba ọmọ mi jẹ́ nítorí kí n lè gbé e ṣubú, èmi fúnra mi ni.

Mo ronú ní ọjọ́ Àbámẹ́ta, mo ronú ní ọjọ́ Ìsinmi, Bramble sì jókòó sẹ́nu ọ̀nà. Ní àná òde yìí, kí wọ́n tó tan ẹ̀rọ, mo dúró nídìí ìkòkò tíì, lórí ìlà, mo sọ ọ́ kí gbogbo apá méjèèjì gbọ́. Mo sọ ohun tí mo sọ fún Frayne àti ọjọ́ tí mo sọ ọ́. Frayne fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́, ojú rẹ̀ ti funfun. “Bàbá Roland, kí ló kàn yín? Ọdún méjì péré ló kù kí ẹ fẹ̀yìn tì. Ẹ panu mọ́, ọ̀rọ̀ á lọ.” Mo ní àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́, èmi àgbà yìí tiẹ̀ ni mo fọwọ́ ara mi wọ́ orí ọmọ mi. Mo lọ bá ọ̀gá àgbà wa, mo gba ìwé irọ́ tí mo tọwọ́ bọ̀ níwájú rẹ̀, mo kọ òótọ́ sí òmíràn. Mo gbé ẹ̀dà kan lọ fún Ọ̀gbẹ́ni Pardoe fúnra mi. Ó kà á ní ìdúró, ó ní òun ti gbọ́, kò fún mi níjókòó. Ó tọ́ bẹ́ẹ̀.

Mo ti dá irin tí mo fi ń tẹ R.T. padà. N kò ní to ẹ́ńjìnnì mọ́. Àwọn tí mo bá ṣiṣẹ́ fún ọgbọ̀n ọdún tẹjú mọ́ ife tíì wọn bí mo ṣe ń jáde, ẹnìkan sì ní ó jọ pé òjò máa rọ̀.

N kò ní kí o dárí jì mí. Ohun tí mo fẹ́ kí o mọ̀ ni pé tí ẹnikẹ́ni bá tún ní o tà wọ́n, irọ́ ló pa, ìwé mi sì wà níbẹ̀. Tí o bá padà sẹ́nu iṣẹ́, má torí mi dẹ́kun sísọ̀rọ̀ nídìí oúnjẹ. Wá ẹlòmíràn tó máa gbọ́ ọ parí.

Kí Ọlọ́run tó fún ọ ní ọgbọ́n orí má jẹ̀ẹ́ kí ẹlòmíràn jẹ èrè rẹ̀ mọ́ ọ lọ́wọ́. Iṣẹ́ ọwọ́ rẹ á máa gbé ọ ga. Ọjọ́bọ̀ á san ọ́. Bí o bá bí ọmọ, ọmọ náà á máa ní “mọ́mì mi ní” níwájú gbogbo ayé, ìwọ á sì gbọ́ ọ nígbà tí o ṣì lè yọ̀ sí i.

Èmi ni bàbá rẹ, tí o pè ní kànga,
Roland Tebbutt.

Àfikún: Ìyá rẹ gbé nǹkan róbótó kan dání tí mo fi aṣọ ìnura wé. Pátákó korobá ni, mo rí i nínú gáréèjì lẹ́yìn agolo ọ̀dà. Gbé e sórí tábìlì níwájú wọn ní Ọjọ́bọ̀. Mo máa wà ní ibi ìgbọ́kọ̀sí Pardoe láti aago mẹ́jọ, pẹ̀lú fúláàsì tíì mi. N kò ní wọlé àfi tí o bá ránṣẹ́ pè mí. Joost ní òun á jókòó tì ọ́, mo sì ti dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀rọ̀ òjò ni mo kọ́kọ́ bá a sọ. Jẹ́ kó jókòó sí ọwọ́ òsì rẹ. Àga ọwọ́ ọ̀tún, jọ̀ọ́, má jẹ̀ẹ́ kí ẹnikẹ́ni jókòó sí i, kódà bí o kò bá ní pè mí.